Ohun Tí Jethro Kò Sọ

Ẹ̀yin ará, ẹ gbọ́ nípa Jethro Adéníran, ọmọ ìjọ wa kan ní Yábàá, ẹni tí ó fẹ́ràn kí àwọn ẹni ńlá mọ òun ju kí òun sọ òtítọ́ lọ.

Ní ìparí ọdún 1959, tí tẹlifíṣàn ṣẹ̀ṣẹ̀ dé, òun ni ó ń ṣe ètò ìrọ̀lẹ́ Sátidé. Yóò tú àṣírí ilé-iṣẹ́ tó ń rẹ́ aráàlú jẹ, yóò dá sí àríyànjiyàn ìgboro, yóò sì fi ọ̀rọ̀ sinimá tuntun parí rẹ̀. Ní Muṣin, odidi àdúgbò a máa kún pálọ̀ ẹnìkan ṣoṣo láti wò ó. Bí Jethro bá ti sọ ọ́, abùṣe bùṣe.

Ní ọjọ́ kan, Sàlíhù tó ń ṣiṣẹ́ lọ́dọ̀ Ìbíkúnlé, ọ̀gá ilé-iṣẹ́ tó ń ta kẹrosíìnì, sáré tọ̀ ọ́ wá.

“Ẹ̀gbọ́n, wọ́n ń da bẹntiróòlù mọ́ kẹrosíìnì! Àtùpà á bú gbàmù mọ́ èèyàn lójú. Ẹ bá wa sọ ọ́.”

“Fọkàn balẹ̀. Sátidé yìí ni.”

Ọ̀rọ̀ náà ta sí Ìbíkúnlé létí. Òun kan náà ló ni ilé sinimá kan ní Yábàá. Ó pe Jethro wá wo sinimá, ó fi í jókòó níwájú láàrin àwọn adájọ́ àti dókítà.

“Ọ̀gá tẹlifíṣàn! Ṣé ọ̀rọ̀ kẹrosíìnì yẹn ò lè dúró di ọ̀sẹ̀ tó ń bọ̀ ni? Ẹ sọ ti sinimá wa ná.”

Ẹnu tó jẹ dọ̀dọ̀ kì í sọ òdodo. Jethro rẹ́rìn-ín, ó ní kò burú.

Nígbà tí Sátidé dé, ó fi ìdajì ètò náà bá àwọn ọmọbìnrin tó ń wọ ṣòkòtò jà, ó sì fi ìyókù yin sinimá Ìbíkúnlé.

Ni Sàlíhù bá bẹ̀rẹ̀ sí kìlọ̀ fúnra rẹ̀ láti ojúlé dé ojúlé ní Muṣin. Ó dé ọ̀dọ̀ Àrìnpé, ìyá tó bí Jethro. Ìyá fi í rẹ́rìn-ín.

“Ìwọ Sàlíhù! Àbí wọ́n lé ọ níṣẹ́ ni? Bó bá jẹ́ òótọ́ ni, ọmọ mi ìbá ti sọ ọ́. Mo wò ó láná, mi ò tilẹ̀ ṣẹ́jú.”

Nírọ̀lẹ́, ó rọ kẹrosíìnì tó rà lọ́dọ̀ Ìbíkúnlé sínú àtùpà, ó ṣáná sí i. A sọ òkò sọ́jà, ará ilé ẹni ló bà.

Jethro bá a ní ọsibítù, báńdéèjì bo gbogbo ojú rẹ̀.

“Màámi, ẹ dárí jì mí. Mo mọ̀.”

“O mọ kí ni?”

Nígbà tí ó jẹ́wọ́ tán, ìyá yí orí sí ògiri. Kò tún bá a sọ̀rọ̀ mọ́ títí ó fi kú lọ́jọ́ kẹta. Nígbà tí ọ̀rọ̀ náà dé etí ilé-iṣẹ́ tẹlifíṣàn, wọ́n lé Jethro níṣẹ́. Bí àwọn ará ìjọ bá wá bá a kẹ́dùn, a ní, “Ẹ má kí mi kú aráfẹ́rakù. Èmi ni mo pa á.”

Ẹ̀kọ́ ibẹ̀ ni pé irọ́ nìkan kọ́ ni ẹ̀ṣẹ̀ ẹnu. Ẹni tí Ọlọ́run fi ṣe olùṣọ́, tí ó rí ewu tí ó sì panu mọ́, ìdákẹ́ rẹ̀ pàápàá ẹ̀rí èké ni, Ọlọ́run yóò sì béèrè ẹ̀jẹ̀ aládùúgbò lọ́wọ́ rẹ̀. Ta ni nínú wa tí kò dákẹ́ rí nítorí ojú ẹni ńlá? Ẹ jẹ́ kí a ronú pìwà dà lónìí, kí a sì la ẹnu wa.