Iyán Ọba ní Oko Kajú

"Níbí ni kí ẹ ti jẹ ẹ́, Kábíyèsí."

Tata Mouniratou, ìyá olóko, gbé àwo iyán síwájú ọba tí ìlú rẹ̀ ti di igbó, tó wá ń ṣán oko kajú fún un ní abúlé Kika. Ọba kì í jẹun lójú èèyàn. Kíá ni àwọn alágbàṣe yòókù kọ̀yìn sí i.

Tata fa àpótí, ó jókòó, ó tẹjú mọ́ ọn.

"Ẹrú ni ìyá tó bí ìyá ńlá mi láàfin yín. Ó gúnyán títí ó fi kú, kò rí ẹnu tó ń jẹ ẹ́ rí. Èmi fẹ́ rí i."

Ebi ń pa ọba. Ó bu òkèlè, ó tún bù ú. Nígbà tí iyán tán, ó na àwo sí i.

"Tata, ẹ fún mi sí i."

Àwọn alágbàṣe yíjú padà. Ẹni tó kọ́kọ́ kọ̀yìn sí i ló kọ́kọ́ bá ọba sọ̀rọ̀.

"Baba, sún síbẹ̀, jẹ́ kí n jókòó."