Ìka Méjì

Ní Mushin, kò sẹ́ni tó ń jẹ́ kí Teslim télọ̀ fi téèpù wọn àyà òun.

Aṣọ wọn àtijọ́ ni wọ́n ń kó wá, kó fi ṣe ìwọ̀n.

Ọdún kẹta rèé tí òun àti Síkírù ọ̀rẹ́ ẹ̀ jọ wo fíìmù kọ́ńfú kan nílé fídíò.

Bàbá arúgbó inú ẹ̀ mọ àṣírí kan: tó bá ti fi ìka méjì kan èèyàn láyà, ó parí.

Bí wọ́n ṣe jáde, Teslim fi ìka méjì kan Síkírù láyà, ó ń ṣeré.

Síkírù rẹ́rìn-ín, ó ṣubú, kò dìde mọ́.

Àdúgbò ní ọwọ́ Teslim ń pa èèyàn. Teslim ò jiyàn.

Lónìí, ìyá Síkírù gbé léèsì wọ ṣọ́ọ̀bù. Ó na apá méjèèjì pé kó wọn òun.

Teslim fi téèpù yí i láyà bí ẹni ń wọn ògiri.

“Àbúrò Síkírù ń lọ sílé ọkọ lọ́sẹ̀ tó ń bọ̀,” ìyá sọ ọ́ kẹ́lẹ́kẹ́lẹ́. “Láti kékeré la ti ń gbé Síkírù lọ ọsíbítù Ìdí-Àràbà nítorí ọkàn ẹ̀. Tí àwọn àna bá gbọ́, wọn ò ní fẹ́ ọmọ mi. Jọ̀ọ́, bá mi fara da ẹ̀sùn yẹn.”

“Fọ́tì-tù,” Teslim kọ ìwọ̀n àyà ẹ̀ sílẹ̀.

“Mo ti mọ̀ tipẹ́, mà. Síkírù ló ní kí n má sọ fẹ́nì kankan.”