Ọmọ Ogun Ọba Tó So Aago Mọ́wọ́

Ìgbà kẹrin nìyí tí Ìyá Alálùmọ́gàjí máa sọ pé ogun etí odò inú fíìmù kò dára, pé kí wọ́n tún un yà.

Ọ̀gá Sójà, tó ń bójú tó fíìmù náà, dúró lẹ́yìn rẹ̀ nínú yàrá tí wọ́n ti ń gé fíìmù. Yàrá náà há, ó ń rùn bíi gọ́ọ̀mù, ọ̀já fíìmù sì rọ̀ sára ìṣó yí ògiri ká bí aṣọ tí wọ́n sá. Obìnrin náà wọ aṣọ dúdú tó máa ń wọ̀ lójoojúmọ́. Ó tẹ ojú mọ́ awò lórí tábìlì oníná.

"Kí ló tún ṣe é?"

"Ẹ wo ẹni kẹta lápá òsì ọba. Ó so aago mọ́wọ́. Aago burúkú tí kò mọ̀ ju aago mẹ́rin lọ."

Ọ̀gá Sójà tiro sún mọ́ tábìlì. Òótọ́ ni. Ọba inú fíìmù náà ti wàjà láti irinwó ọdún, ọmọ ogun rẹ̀ sì so aago.

Nígbà àkọ́kọ́, ìyá náà ní nǹkan ha fíìmù. Nígbà kejì, ó ní ìmọ́lẹ̀ wọ inú agolo rẹ̀. Nígbà kẹta, ó ní ọmọ ogun kan ń rẹ́rìn-ín sí kámẹ́rà. Ẹni kan náà ni, ọmọkùnrin gíga kan tí etí rẹ̀ yọ síta nínú àṣíborí. Elétí ni wọ́n ń pè é.

Ìjọba ló ń ṣe fíìmù náà. Ogun ti wọ ọdún kẹta, àwọn ọ̀dọ́ ò sì fẹ́ forúkọ sílẹ̀ mọ́. Wọ́n fẹ́ kí ará ìlú rí ọba tó lé ọ̀tá wọ odò, kí inú wọn lè ru. Àwọn ológun yá wọn ní àádọ́ta sójà tuntun tí yóò ṣe ọmọ ogun ọba. Ọjọ́ tí ogun etí odò bá ti dára ni lọ́ọ̀rì yóò kó wọn lọ síbi ogun gidi.

Ọta ìbọn kan ṣì wà nínú itan Ọ̀gá Sójà. Ọ̀gá rẹ̀ ti sọ ọ́ fún un, kò fi bọpo bọyọ̀: "Ẹsẹ̀ kan ṣì kù fún ẹ. Bí fíìmù yìí bá fi pẹ́, òun ni wàá fi padà sójú ogun."

Ó sọ̀kalẹ̀ lọ sí àgbàlá. Òṣèré tó ń ṣe ọba jókòó sórí àpótí tí wọ́n kùn ní àwọ̀ wúrà, ó dé adé, ó ń mu sìgá.

"Kábíyèsí, ta ló so aago nínú àwọn èèyàn yín?"

"Èmi kọ́ o. Adé yìí nìkan ti tó mi í rù."

Elétí jáde fúnra rẹ̀. Ọ̀gá Sójà já aago náà kúrò lọ́wọ́ rẹ̀, awọ ara sì bá a lọ.

"Ta ló ní kó o so ó?"

"Mo gbàgbé ni, sà."

"O gbàgbé? Má ṣèyọnu, ara ẹ á rántí."

Elétí kúnlẹ̀ sórí òkúta wẹ́wẹ́, ó na ọwọ́ méjèèjì sókè, láti ọ̀sán títí òòrùn fi wọ̀. Ìyá Alálùmọ́gàjí dúró lójú fèrèsé lókè. Ìdajì búrẹ́dì rẹ̀ wà lọ́wọ́ rẹ̀. Kò jẹ ẹ́.

Lọ́jọ́ kejì ó ní, "Ọmọ tó gọ̀ tó báyìí kò wúlò fún ogun kankan. Ẹ fi í sílé ìdáná kó máa fọ ìkòkò, ká wá tún un yà."

"Ìbọn ni yóò máa fọ̀."

"Ẹ fi mí sílẹ̀ kí n ṣe iṣẹ́ mi bí iṣẹ́."

"Iṣẹ́ wo? Oṣù méjì lẹ ti fi ba tèmi jẹ́. Ṣé ọba ni ẹ kò fẹ́ràn ni, àbí èmi?"

"Ọba ò ṣe mí ní nǹkan kan."

Ọjọ́ mẹ́sàn-án ló kù kí wọ́n fi fíìmù náà han ará ìlú. Ọ̀gá Sójà gba àlùmọ́gàjí lọ́wọ́ rẹ̀.

"A ò ní tún un yà mọ́. Ta ló máa wo ọwọ́ ọmọ ogun nígbà tí ọba ń sọ̀rọ̀?"

Ìyá náà kúnlẹ̀. Ó tó bí i lọ́mọ, ó sì kúnlẹ̀ fún un.

"Ọ̀gá, ẹ jọ̀ọ́. Ọ̀sẹ̀ kan péré."

"Agídí yín ti tán nìyẹn. Ẹ dìde, kẹ́ ẹ máa lọ sílé yín."

Lọ́sàn-án ọjọ́ náà, lọ́ọ̀rì méjì dé. Elétí ń lọ sí ti ẹ̀yìn, Ọ̀gá Sójà fà á padà.

"Ṣebí ìwọ lo fẹ́ kí kámẹ́rà rí ẹ? Bọ́ sí ti iwájú, kí ọ̀tá náà rí ẹ."

Wọ́n fi fíìmù náà hàn lọ́jọ́ tí wọ́n dá. Nígbà tí ọba gbé idà sókè, gbogbo gbọ̀ngàn dìde. Lọ́jọ́ kejì, àwọn ọ̀dọ́ tò síwájú ibi ìforúkọsílẹ̀. Kò sẹ́ni tó rí aago. Wọ́n fún Ọ̀gá Sójà ní ọ́fíìsì kan tó ní àga onítìmùtìmù.

Kí ọ̀sẹ̀ tí àwọn sójà náà lọ tó parí, lọ́ọ̀rì iwájú ti tẹ àdó olóró tí wọ́n rì mọ́jú ọ̀nà. Ẹnikẹ́ni ò sọ̀kalẹ̀ láàyè. Wọ́n lẹ orúkọ wọn mọ́ ògiri níta. Ọ̀gá Sójà ń gba ibẹ̀ kọjá láràárọ̀, kò dúró kà á.

Ìyá Alálùmọ́gàjí wọlé tọ̀ ọ́ wá nínú aṣọ dúdú kan náà.

"Ìyá, bó bá jẹ́ iṣẹ́ lẹ wá bẹ̀ fún, ó ti bọ́."

Obìnrin náà mi orí. Ọ̀gá Sójà fa dúrọ́ọ̀ tábìlì rẹ̀, ó ń wá ìṣáná. Aago náà wà níbẹ̀. Ó ti kú sórí aago mẹ́rin. Ìyá náà na ọwọ́ sí i.

"Aago bàbá ọmọ mi ni," ló wí, "èmi ni mo sì ní kó so ó mọ́wọ́."