Atẹ́gùn Tó Ń Tú Ṣúkú

Bí onídìrí ṣe ní kí òun parí ṣúkú ọmọge tó fẹ́ ṣègbéyàwó lọ́sàn-án yìí, atẹ́gùn tó máa ń dá àsìkò padà tún rọ́ wọ ṣọ́ọ̀bù rẹ̀ ní Ìjẹ̀ṣà-Tẹ̀dó. Irun tú pátá. Aago ara ògiri sáré padà sí mẹ́jọ.

“Atẹ́gùn oníranù! Ẹ̀ẹ̀kẹta rèé!” ni onídìrí pariwo. “Ṣé ọkọ ẹ ò ní sá lọ báyìí?”

“Ibo ló fẹ́ sá gbà, Àǹtí? Ọ̀rẹ́ bàbá mi ni. Ọ̀pá ló fi ń rìn. Ẹ ṣáà tún un dì.”

Onídìrí bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀ láti mú òòyà tó já bọ́. Ló bá rí i pé ẹsẹ̀ ọmọge yìí ni kò jẹ́ kí ilẹ̀kùn padé.

“Jókòó dáadáa, ọmọ mi.”

Onídìrí dìde, ó lọ ṣí wíńdò fún atẹ́gùn.