Ọmọ Ayọ́-yanrìn-dìlẹ̀kẹ̀

Ilẹ̀ mọ́, Àwẹ̀ró wọ aṣọ ilé ìwé tán, ó sì kúnlẹ̀ kí ìyá àgbà rẹ̀, Màmá Ojúọlápé. Màmá gbọ́wọ́ lé e lórí, ó ń kì í bí wọ́n ṣe máa ń ki gbogbo ọmọ ilé náà:

"Àwẹ̀ró, ọmọ ayọ́-yanrìn-dìlẹ̀kẹ̀, iná wa kì í kú..."

Ẹ̀rọ olùkọ́ tó wà lára ògiri já lu ọ̀rọ̀ rẹ̀. "Ẹ dákun, Màmá, ìwé ò sọ bẹ́ẹ̀. Iná wọn ti kú."

Ìwé ìtàn àwọn ẹ̀yà tí ayé gbàgbé ló ń wí, èyí tí ìjọba ní kí gbogbo ilé máa tẹ̀ lé. Màmá fúnra rẹ̀ ló ro ìtàn náà fún ẹni tó kọ ọ́. Òǹkọ̀wé yin ìran Màmá títí, ó ní àwọn ni wọ́n kọ́ ayé ní gíláàsì yíyọ́, ó wá parí rẹ̀ pé wọ́n ti run, kí omijé lè bọ́ lójú òǹkàwé. A fún àlejò ní ìjókòó, àlejò kéde ikú onílé!

"Ta ló run?" Màmá jágbe mọ́ ẹ̀rọ náà. "Ṣé òkú ló ń bá ọ sọ̀rọ̀ ni?"

"Ọmọ tó bá fi oríkì yín yìí dáhùn ìdánwò yóò fìdí rẹmi, Màmá."

Màmá gbọ́wọ́ padà lé Àwẹ̀ró lórí. Ó tún bẹ̀rẹ̀: "Ọmọ ayọ́-yanrìn-dìlẹ̀kẹ̀, iná wa..."

Àwẹ̀ró nawọ́, ó bo ìyá àgbà rẹ̀ lẹ́nu.

"Iná wọn ti kú, Màmá. Ẹ jọ̀ọ́, òní ni ìdánwò."

Ìlẹ̀kẹ̀ tí Màmá yọ́ fún un lánàá ló ń dán lọ́rùn ọwọ́ tó fi bò ó lẹ́nu.