Awò Tí A Kì Í Nù

Ní Yunifásítì Ìràwọ̀ àti Àkókò, èèwọ̀ ni kí èèyàn nu ojú awò ńlá tí wọ́n fi ń wo ìràwọ̀. Wọ́n ní ìmọ́lẹ̀ ayé àtijọ́ ló wà lára rẹ̀. Ọmọ́ṣaléwá mọ èèwọ̀ yìí. Ó sì mọ̀ pé bí òun kò bá rí ìràwọ̀ tòun lóru yìí, bí àwọn akẹ́kọ̀ọ́ yòókù ti rí tiwọn, wọn yóò lé òun padà sílé tílẹ̀ bá mọ́.

Ó gbé ojú lé dígí awò náà. Kíá ló fà sẹ́yìn. Dígí náà lọ́wọ́ọ́wọ́, ó ń yọ̀, ó sì ń rùn bí ẹja tó ti kú sínú garawa láti ìjẹta.

"Ẹ jọ̀ọ́ sà, ta ló lò ó kẹ́yìn?" ló bi olùkọ́ rẹ̀ tó dúró lẹ́yìn.

"Kò sẹ́ni tó fọwọ́ kàn án láti àná," ni Ọ̀jọ̀gbọ́n Láṣebìkan dáhùn. "Àbí imú lo fẹ́ fi wo ìràwọ̀ ni, ìwọ ọmọ yìí?"

Ó tún gbójú lé e. Omi tó ki bí ikun fà láti ara dígí dé ẹ̀rẹ̀kẹ́ rẹ̀. Kò mọ ìgbà tó tú gèlè orí rẹ̀, tó fi nu dígí náà gbẹ.

"Yéè! O nù ún?" Ọ̀jọ̀gbọ́n ti ń fẹ̀yìn rìn lọ sẹ́nu ọ̀nà.

Awọ fẹ́lẹ́fẹ́lẹ́ kan, tó rin gbindin, tí irun wà létí rẹ̀, rọra sọ̀kalẹ̀ bo dígí náà, ó sì tún gòkè. Ìràwọ̀ kan ṣoṣo wá ń tàn láàárín rẹ̀. Ó yí sọ́tùn-ún, ó yí sósì, títí ó fi rí Ọmọ́ṣaléwá.