Ìparí Tiwọn ní Rọ́ṣíà

Ní àárọ̀ ọjọ́ tí wọ́n fẹ́ parí fíìmù aláìlóhùn tí Ejnar Tolstrup ń ṣe ní Valby, lẹ́yìn ìlú Copenhagen ní Denmark, àgbà òṣèré tó ń ṣe bàbá rẹ̀ nínú fíìmù náà dùbúlẹ̀ àìsàn. Oòrùn ń wọlé láti orí òrùlé onígíláàsì ilé tí wọ́n ti ń ya fíìmù. Òun ni iná tí wọ́n fi ń ya àwòrán, kì í sì í dúró de ẹnikẹ́ni.

Ọ̀gá Bruun, tó ń darí eré, ń rìn síwá sẹ́yìn. Ìgbà náà ni ẹ̀ṣọ́ ẹnu ọ̀nà mú arúgbó kan wọlé, tó wọ kóòtù dúdú tí wọ́n fi ń lọ sí ṣọ́ọ̀ṣì.

Ejnar dìde. Kọfí ọwọ́ rẹ̀ dànù.

"Bàbá," ó ní.

Laust Tolstrup ni arúgbó náà. Àgbẹ̀ ni láti Thy, ìgbèríko kan lókè Jutland. Láti ìgbà tí Ejnar ti fi oko sílẹ̀ lọ di òṣèré, kò bá a sọ̀rọ̀ mọ́. Ìpàtẹ màlúù ló gbé e wá sí Copenhagen. Maren, ọmọ rẹ̀ obìnrin, ló bẹ̀ ẹ́ títí tó fi gbà láti yà sọ́dọ̀ Ejnar. Ejnar kò fẹ́ nǹkan míì láyé ju kí ẹnu bàbá rẹ̀ tún pe òun lọ́mọ.

Bruun ń wo ojú arúgbó náà bí ẹni tó rí omi lásìkò ọ̀dá.

"Bàbá, ẹ dákun, ẹ gbà wá. Ẹ kàn máa ṣílẹ̀kùn, ẹ máa rí ọmọ yín tó ti ìrìn àjò dé, ẹ sì máa dì mọ́ ọn."

"Èmi, kí n ṣeré? Ẹ̀ṣẹ̀ ni."

"Ìparí tiwa níbí nìyẹn. Tó bá tán, a máa ya ti Rọ́ṣíà. Àwọn yẹn kì í ra fíìmù tí kò bá parí sí ẹkún. Nínú tiwọn, ẹ máa ti ilẹ̀kùn mọ́ ọn lójú, á sì kú sínú yìnyín."

Arúgbó náà yíjú wo ilẹ̀kùn. "Mo máa ti ilẹ̀kùn?"

"Ẹ máa tì í."

"Ó dáa. Màá ṣe é."

Thora, tó ń ṣe ìyàwó nínú fíìmù náà, fi ìgbọ̀nwọ́ gún Ejnar. "Ọkọ mi, o mà ń gbọ̀n! Lánàá tí mo fẹ́ ọ, o ò gbọ̀n tó báyìí."

"Bàbá, ẹ má wulẹ̀ pariwo o," ni Bruun wí. "Ètè nìkan ni kẹ́ ẹ máa mì. Fíìmù ò létí."

Laust ṣílẹ̀kùn. Ó wò. Ó na apá, ó sì dì mọ́ Ejnar tó bẹ́ẹ̀ tí fìlà ọmọ náà fi já bọ́. Omi ń dà lójú arúgbó náà. Ètè rẹ̀ mì: *Ọmọ mi.* Ejnar rí i lẹ́nu rẹ̀, kò gbọ́ nǹkan kan. Ó rò pé ẹkún ló dí ohùn lọ́nà. Àwọn káfíńtà dáwọ́ oúnjẹ dúró. Thora ń nu ojú.

"Bàbá, ibo lẹ ti ń fara pamọ́ látọjọ́ yìí?" ni Bruun kígbe.

Ejnar kò fi apá kóòtù bàbá rẹ̀ sílẹ̀. "A jọ máa jẹun nírọ̀lẹ́ yìí, Bàbá. Mo mọ ibi tí wọ́n ti ń din ẹja dáadáa."

"Oòrùn ń lọ," ni Laust wí. "Ẹ jẹ́ ká ṣe èkejì."

Wọ́n da iyọ̀ sí Ejnar léjìká, kó dà bíi yìnyín. Ó kúnlẹ̀, ó kanlẹ̀kùn. Laust ṣí i, ojú rẹ̀ gbẹ.

"Mi ò bí ọ," ó ní, ketekete. Ó ti ilẹ̀kùn.

Gbogbo wọn bú sẹ́rìn-ín. "Bàbá ti gbàgbé!" ni Thora wí. "Fíìmù ò létí o!"

Ejnar kú sórí iyọ̀ bí wọ́n ṣe kọ́ ọ, ó kù díẹ̀ kó rẹ́rìn-ín. Bí wọ́n ṣe dá ẹ̀rọ dúró, ó gbọn ara rẹ̀, ó sáré yí lọ sẹ́yìn ilẹ̀kùn, níbi tí kò sí ilé kankan, àfi pákó. Bruun, tó ti lọ dúpẹ́ lọ́wọ́ arúgbó náà, nìkan ló bá níbẹ̀.

"Bàbá ti lọ bá ọkọ̀ ojú irin."

"Wọn ò sọ nǹkan kan?"

"Wọ́n ní ká bá àwọn fi ti Rọ́ṣíà hàn ní Thy," ni Bruun wí, láìwo ojú rẹ̀, "torí nínú méjèèjì tí àwọn ṣe, ìdìmọ́ yẹn nìkan ló jẹ́ eré."